Ọkọ Ìyàwó Tí Kò Dún Mọ́

Ẹ̀yin tí ẹ jókòó yìí, ṣé ẹ mọ ohun tó mú àwọn àgbà pa á lówe pé ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́? Ẹ má wulẹ̀ mi orí. Ẹ kò mọ̀ ọ́n.

Ní Ìdí-Òro, bí ọkùnrin bá ti gbéyàwó, ọjọ́ kẹta ni Baálẹ̀ Ṣówándé máa ń mú òun àti àwọn ọkọ ìyàwó tuntun yòókù lọ sí oko kòkó rẹ̀. Iṣẹ́ ọ̀fẹ́ ni, ọjọ́ márùn-ún gbáko ní ahéré. Kí wọ́n tó gbéra, Baálẹ̀ á béèrè pé, "Ta ló lọ́rọ̀ sọ?" Gbogbo wọn á wo ilẹ̀. Baálẹ̀ á ní, "Ẹ rí i? Inú wọn ń dùn."

Ó wá kan Láwoyin. Àwẹ̀ró, ìyàwó rẹ̀, di etí aṣọ rẹ̀ mú lẹ́nu ọ̀nà.

"Olówó orí mi, ṣé ẹ máa sọ fún Baálẹ̀ pé ẹ ò lọ?"

"Màá sọ ọ́. Àbí mo jọ ojo lójú rẹ ni?"

Àwẹ̀ró jọ̀wọ́ etí aṣọ náà.

Nígbà tí Baálẹ̀ béèrè, Láwoyin wo ilẹ̀. Bó ṣe gbéra báyìí, ẹsẹ̀ rẹ̀ kò dún mọ́ lórí ewé gbígbẹ. Lọ́jọ́ kejì, àdá rẹ̀ ba òkúta, kò dún. Lọ́jọ́ kẹta, ó sín títí orí rẹ̀ fi mì, ẹnikẹ́ni kò gbọ́. Lọ́jọ́ kẹrin, ó jẹ ẹ̀wà, ó só, kò dún. Èyí tí kò dún ló sì burú jù: ahéré dàrú, kálukú ń nàka sí ẹnìkejì rẹ̀.

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ karùn-ún, ó délé. Ó kan ilẹ̀kùn, ilẹ̀kùn kò dún. Ó wọlé. Àwẹ̀ró sáré dì mọ́ ọn, ó fi etí lé e láyà. Ó dúró. Ó tún fi etí kejì lé e.

"Olówó orí mi, àyà yín kò lù."

Láwoyin la ẹnu, ohùn kò jáde. Ọwọ́ rẹ̀ tutù bí omi àmù.

"Ṣé ẹ ti kú ni? Ẹ sọ fún mi, kí n lè mọ̀ bóyá kí n rokà tàbí kí n sunkún."

Àwẹ̀ró wọ́ ọ dé iwájú Baálẹ̀. Baálẹ̀ náà fi etí sí i láyà, ó sì bú sẹ́rìn-ín.

"Òṣìṣẹ́ tí kì í pariwo! Irú èyí ni mo ti ń wá. Kò ní kúrò lóko mi mọ́ láéláé. Ta ló lọ́rọ̀ sọ?"

Láwoyin wo ilẹ̀. Ó wo ìyàwó rẹ̀. Ó tún wo ilẹ̀.

"Èmi!" Ó bú jáde. "Mi ò lọ!"

Ẹ̀yin ará mi, gbogbo ohun tó ti dákẹ́ láti ọjọ́ márùn-ún dún lẹ́ẹ̀kan náà: ẹsẹ̀, àdá, sísín, ilẹ̀kùn. Baálẹ̀ ré lulẹ̀ lórí àga. Ó ń gbìyànjú àtidìde ni ti ẹ̀wà tó dún. Kò dìde mọ́ lọ́jọ́ náà.

Àwẹ̀ró fi etí lé àyà ọkọ rẹ̀: gbì, gbì, gbì.

"Ó yá," ló wí, "ẹ jẹ́ ká lọ rokà."

Ẹ̀yin tí wọ́n ń lò bí ẹrú, tí ẹ sì ń wo ilẹ̀, ẹ fọwọ́ kan àyà yín wò lónìí. Ẹni tó bá dákẹ́, tara rẹ̀ á bá a dákẹ́.