Àgádágodo Lórí Pápá Ìlú

Díẹ̀díẹ̀ ni imú ẹlẹ́dẹ̀ fi ń wọ ọgbà. Ìgbà tí ìdí rẹ̀ bá wọlé tán la tó ń pariwo. Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́ kí ariwo wa pẹ́ jù.

Ẹjọ́ kan wọ ààfin láàárọ̀ àná. Ìyá Alágbàfọ̀ ló pe ẹjọ́, káfíńtà tí gbogbo ìlú ń pè ní Díẹ̀-ló-kù ló sì pè. Orúkọ náà kò ṣẹ̀yìn àwọn àga tó ti ń bá wa kàn láti èṣí: béèyàn bá ti bi í léèrè, díẹ̀ ló kù.

Ọba jókòó, ìjòyè méjì sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, Ọ̀tún níhìn-ín, Òsì lọ́hùn-ún. Ìyá kúnlẹ̀.

"Kábíyèsí, a-gbọ́-tọ̀tún-má-da-tòsì-nù, kí ẹ pẹ́ fún wa. Pápá ìlú tó wà lẹ́yìn ọjà, ibẹ̀ ni ìyá tó bí mi ń sá aṣọ sí. Ibẹ̀ lèmi náà ń sá a sí láti ọdún mẹ́tàlélógún. Igi méjì ló wà níbẹ̀, àárín wọn lokùn mi wà. Àfi bí Díẹ̀-ló-kù ṣe gbé bẹ́ǹṣì kan dé."

"Bẹ́ǹṣì lásán?" ni Ọba béèrè.

"Bẹ́ǹṣì lásán ni nígbà yẹn. Mo ní kí ló dé, ó ní káwọn àgbà lè ríbi jókòó ni. Mo sún okùn mi sókè. Nígbà tó yá, bẹ́ǹṣì dé fìlà páánù, igi mi méjèèjì ló sì fi ṣe òpó! Mo ní kí ló dé, ó ní oòrùn ń pa àwọn àgbà. Nígbà tó tún yá, ó fi pákó yí i ká, ó ní atẹ́gùn ń fẹ́ àwọn àgbà. Lọ́sẹ̀ tó kọjá ló wá gbé ilẹ̀kùn sí i, ó sì fi àgádágodo tó tóbi bí orí ọmọ tuntun tì í. Igi mi ti di ará ilé, Kábíyèsí! Mi ò ríbi so okùn mọ́. Aṣọ àwọn oníbàárà mi ti ń rùn bí àkísà ìnulẹ̀. Nọ́ọ̀sì kan gbé ẹ̀wù rẹ̀ padà wá, ó ní aláìsàn tóun ń tọ́jú ló ń bi òun bóyá ara òun yá. Iṣẹ́ yìí ni mo fi ń jẹun o."

Ọba yíjú sí káfíńtà. "O gbọ́?"

"Mo gbọ́, Kábíyèsí. Kò purọ́ rárá."

"O jẹ̀bi nìyẹn?"

"Èmi kẹ̀? Ilé mi ni! Àwọn ìjòyè yín ló fún mi."

Ọ̀tún fò dìde. "Ìwọ ọkùnrin yìí, Ọlọ́run ń gbọ́ ọ o!"

"Baba, ẹ fara balẹ̀. Ta ló kọ́kọ́ jókòó sórí bẹ́ǹṣì mi?"

"Mi ò jókòó. Mo kàn fara tì í díẹ̀ ni."

Òsì ní, "Ó jókòó, Kábíyèsí. Ó tiẹ̀ sùn, ó ń hanrun."

"Níbo lo wà tó o fi gbọ́?"

"Ẹ̀gbẹ́ yín ni mo sùn sí. Ìhanrun yẹn ló jí mi."

Ẹ̀rín sọ láàfin. Káfíńtà kò rẹ́rìn-ín. "Nígbà tí mo gbé bẹ́ǹṣì dé, kí lẹ sọ?"

"A ní o ṣé."

"Páánù ńkọ́?"

"A ní o ṣé gan-an."

"Pákó ńkọ́?"

"A ṣàdúrà fún ọ pé òòlù ò ní bà ọ́ lọ́wọ́."

"Ilẹ̀kùn?"

Òsì dorí kodò. "Èmi ni mo bá a dì í mú tó fi kàn án."

"Àgádágodo wá ńkọ́?"

Ọ̀tún wúkọ́. "Kábíyèsí, a ò mọ ìgbà tó tì í. A ti sùn lọ nínú ilé. Ojú fèrèsé la gbà jáde."

"Ẹ gbọ́!" ni káfíńtà wí. "Ọpẹ́ lórí ọpẹ́! Ẹni tí wọ́n ń dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀ kọ́ ló ni nǹkan? Àti pé, Kábíyèsí, ẹ má bínú, ta ló fún yín láṣẹ láti dá ẹjọ́ pápá? Ti gbogbo ìlú ni. Ẹ̀yin náà ní ìpín níbẹ̀. Ẹni tó ní ìpín nínú ohun tí à ń jà sí kì í dájọ́ rẹ̀."

"A kì í bi Kábíyèsí!" ni Ọ̀tún fi pariwo.

Ọba gbọ́wọ́ sókè. "Ẹ jẹ́ ó bi mí. Òótọ́ ló sọ. Mo fi ẹjọ́ pápá sílẹ̀. Ẹjọ́ ọpẹ́ ni mo fẹ́ dá. Díẹ̀-ló-kù, ṣé mo láṣẹ lórí ọpẹ́?"

"Ẹ ní in dáadáa, Kábíyèsí!" Ọkùnrin náà ti ń tún fìlà rẹ̀ ṣe.

"Ta ló ni fìlà yẹn?"

"Èmi ni."

"Nígbà tó o dé e láàárọ̀, ṣé Ọ̀tún dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ?"

"Rárá o. Kí ló kàn wọ́n níbẹ̀?"

"Tó o bá ṣí i, tó o fi ta á lọ́rẹ ńkọ́?"

"Wọ́n á dú..." Káfíńtà fọwọ́ bo ẹnu ara rẹ̀.

"Wọ́n á dúpẹ́. A kì í dúpẹ́ ohun tólóhun mú pamọ́. Ohun tó bá fún wa là ń dúpẹ́ rẹ̀. O fún ìlú ní bẹ́ǹṣì, o fún ìlú ní páánù, ìwọ fúnra rẹ lo sì kó ẹlẹ́rìí wá."

Ẹnu àìmẹ́nu, ètè àìmétè, òun ní í mú ọ̀ràn bá ẹ̀rẹ̀kẹ́. Ọba wá dájọ́: kí Ìyá gba kọ́kọ́rọ́ lójú ẹsẹ̀, kí Díẹ̀-ló-kù tú ilẹ̀kùn àti gbogbo pákó kúrò lára igi Ìyá, àti pé títí yóò fi tú u tán, kí Ọ̀tún di orí okùn kan mú, kí Òsì di èkejì mú, kí aṣọ wà láàárín. "Ẹ̀yin lẹ sùn tí igi fi sọnù. Ẹ̀yin ni igi báyìí. Igi kì í sì í sùn."

Mo gba ibẹ̀ kọjá láàárọ̀ yìí. Ẹ̀wù nọ́ọ̀sì ń fẹ́ lẹ́lẹ́ láàárín ìjòyè méjì.

"Baba Ọ̀tún, okùn ń rọ̀ o!" ni Ìyá ń wí.

Ọ̀tún na okùn, ó kígbe sí káfíńtà tó ń bọ̀: "Ọmọ yìí, nígbà wo lo máa tú u tán?"

"Ẹ má ṣèyọnu, Baba. Díẹ̀ ló kù."

Ṣùgbọ́n kò tíì tú ìṣó kan. Ó dúró níwájú àgádágodo ara rẹ̀, ó wò ó lọ, ó wò ó bọ̀, ó ṣí fìlà, ó sì dọ̀bálẹ̀ fún Ìyá Alágbàfọ̀.

"Ìyá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi ṣílẹ̀kùn. Inú ilé ni òòlù mi wà."