Tírélà Tó Ń Gan Nílé, Tó Ń Sáré ní Ṣọ́ọ̀bù

Ẹjọ́ kan já wọ ààfin Baálẹ̀ lánàá, tí àwọn tó wá jà nítorí ilẹ̀ fi gbàgbé ilẹ̀, tí gbogbo wọn jókòó láti wòran. Bàbá Olúgbóyèga ló gbé ẹjọ́ náà wá, òṣìṣẹ́ ìjọba àpapọ̀ tó ti fẹ̀yìn tì, tó ń gbé fúláàtì ní Festac, tí kì í jáde láì kọ́kọ́ lọ ṣòkòtò ẹ̀ kó gún régé. Lánàá, ta ló ráyè ṣòkòtò? Ó gbá àpótí kọ̀ǹpútà mọ́ àyà, Ìyá Rosaline, ìyàwó ẹ̀, gbé ojú kọ̀ǹpútà tẹ̀ lé e. Mùsúdù tó ń tún kọ̀ǹpútà ṣe ní Mazamaza ń bọ̀ lẹ́yìn, ó fajú ro.

"Kábíyèsí, ẹ gbà mí!" Bàbá ti ṣí fìlà, ó ti dọ̀bálẹ̀. "Mùsúdù ti ba kọ̀ǹpútà mi jẹ́. Tó bá wà lọ́dọ̀ ẹ̀, á máa ṣiṣẹ́. Tó bá délé mi, á gan!"

"Á gan báwo?" Baálẹ̀ bi í.

"Géèmù kan wà, sà, tí èmi àti Ìmísí, ọmọ Rosaline ọmọ wa, jọ ń ṣe lórí íńtánẹ́ẹ̀tì. Ìlú òyìnbó ni wọ́n wà. Tírélà ni géèmù náà. Gbogbo ìrọ̀lẹ́ Sátidé, èmi á máa wà á, Ìmísí á máa wo ọ̀nà fún mi. Ibẹ̀ ló ti ń sọ ohun tó ṣe nílé ìwé fún mi. Tí mo bá pè é lórí fóònù, 'ẹ káàsán sà' ló máa sọ, ó parí. Inú tírélà nìkan lẹnu ọmọ yẹn ti ń là. Ní báyìí, tí mo bá ní kí géèmù ṣí, tírélà á yọrí, iná iwájú á tàn, ó tán. Á gan pa! Mo tẹ̀ ẹ́, kò gbọ́. Mo bẹ̀ ẹ́, kò gbọ́."

"Kí ni Ìmísí wá wí?"

Ohùn Bàbá yí padà. "Ó ní tí mi ò bá wọ tírélà nírọ̀lẹ́ òní, òun máa gbé ìjókòó mi fún Henry."

"Ta ni Henry?"

"Ọmọ kíláàsì ẹ̀ ni, Kábíyèsí! Ọmọ tí kò tíì pààrọ̀ eyín tán! Òun ni wọ́n fẹ́ fi rọ́pò èmi!"

Gbogbo ààfin pòṣé. Baálẹ̀ kọjú sí Mùsúdù. "Ìwọ, kí lo rí sọ?"

"Mi ò jẹ̀bi, Kábíyèsí. Mo pa á, mo tan án. Mo yọ géèmù náà kúrò, mo tún gbé e sí i. Íńtánẹ́ẹ̀tì wọn ń lọ geere. Kò sóhun tó ṣe kọ̀ǹpútà yẹn. Ìwà ló ń hù."

"Ìwà wo?"

"Ẹ jẹ́ kí n sòótọ́, sà. Ilé òṣìṣẹ́ ìjọba ló dàgbà sí, ó sì ti kọ́ṣe wọn. Á dé ibi iṣẹ́, á tan iná, á jókòó, kò tún ní í ṣe nǹkan kan mọ́ títí wọ́n á fi ṣíwọ́."

Ariwo ta. Ọ̀tún Adédìran, tó ti fi ọ̀pọ̀ ọdún ṣiṣẹ́ ní ọ́fíìsì ìjọba kó tó joyè, fò dìde. "Ṣé èmi lò ń bú ni?"

"Ẹ má bínú, sà. Kọ̀ǹpútà ni mò ń sọ."

"Kọ̀ǹpútà wo ló ń ṣíwọ́?"

"Ọ̀tún, ẹ jókòó," Baálẹ̀ wí. "Ẹjọ́ ò tíì kàn yín. Ẹlẹ́rìí dà?"

Fadékẹ́mi, tó ń ta búrẹ́dì lẹ́gbẹ̀ẹ́ ṣọ́ọ̀bù Mùsúdù, bọ́ síwájú, ó kúnlẹ̀. "Kábíyèsí, kọ̀ǹpútà yẹn ń ṣiṣẹ́ dáadáa. Ojú mi ló ṣe. Mùsúdù gan-an ló wa tírélà náà ní ṣọ́ọ̀bù, gbogbo wa jókòó tì í. Kódà, ó fi gbá màlúù kan."

"Tírélà mi!" Bàbá figbe ta. "O fi gbá màlúù?"

"Màlúù inú géèmù ni, Bàbá."

"Ìdí nìyẹn tí Ìmísí fi ń bi mí pé ta ló pa màlúù! Mo ti búra fún ọmọ náà pé a ò pa màlúù kankan!"

Wọ́n pe Richard, tó ń gbé fúláàtì òkè Bàbá. Ó ní, "Irọ́ ni Fadékẹ́mi ń pa, Kábíyèsí. Kọ̀ǹpútà yẹn ò ṣiṣẹ́ rí. Mo wà nílé Bàbá ní Sátidé tó kọjá, mo fojú ara mi rí i tó gan."

"Kí lo rí gan-an?"

"Ṣé kọ̀ǹpútà fúnra ẹ̀? Aṣọ tí wọ́n fi bò ó ni mo rí. Ṣùgbọ́n mo mọ̀ pé ó ti gan lábẹ́ aṣọ."

"Báwo lo ṣe mọ̀?"

"Bàbá ń sunkún."

"Mi ò sunkún! Ojú ló ń yún mi!"

"Ó tó gẹ́ẹ́," Baálẹ̀ wí. "Ẹ tò ó síbí, ká jọ rí i."

Mùsúdù to kọ̀ǹpútà sórí tábìlì, wọ́n fún un ní íńtánẹ́ẹ̀tì ààfin. Kó tó ṣe tán, Ìyá Rosaline ti fa aṣọ kan yọ nínú báàgì, aṣọ króṣè funfun tó ní òdòdó létí, tó fọwọ́ ara ẹ̀ hun. Ẹ ò lè wọ pálọ̀ Ìyá Rosaline kẹ́ ẹ má rí irú ẹ̀. Tẹlifíṣọ̀n ní tiẹ̀, fíríìjì ní tiẹ̀, rédíò tó ti kú látọjọ́ pípẹ́ náà ní tiẹ̀. Ti kọ̀ǹpútà yìí kì í jáde nílé rárá, kí eruku ọ̀nà Mile 2 má baà bà á jẹ́, ṣùgbọ́n ààfin yàtọ̀.

"Ṣé ìhòòhò ló máa wà níwájú Kábíyèsí ni?" ó wí. Ó wọ aṣọ náà fún àpótí kọ̀ǹpútà dé ìdí, ó fà á ní gbogbo igun kó jókòó dáadáa.

Bàbá tan géèmù. Tírélà yọrí. Iná iwájú tàn. Gbogbo ààfin na ọrùn. Ó gan.

"Ẹ rí i!" Bàbá pariwo.

"Ẹ rí i!" Mùsúdù náà pariwo. "Ó ti dé ọ́fíìsì!"

Bàbá wo ojú fèrèsé. Oòrùn ti ń lọ. Ṣe ló dà bíi pé ó ń wo Henry nínú ìjókòó ẹ̀, tó ń tẹ họ́ọ̀nù ẹ̀, tí Ìmísí ń bá a rẹ́rìn-ín. Inú ẹ̀ bàjẹ́ gan-an ni.

Ọ̀tún, tínú ẹ̀ ò tíì rọ̀ sí kọ̀ǹpútà, tún dìde. "Kábíyèsí, ṣé ẹ ò rí i ni? Nǹkan yìí dé fìlà níwájú yín!"

Gbogbo ìgbìmọ̀ wò ó. Òótọ́ ni o! Kò sí ọkùnrin kan tó dé fìlà nínú ààfin àfi kọ̀ǹpútà.

"Fìlà kọ́, sà," Ìyá Rosaline bẹ̀rẹ̀. "Aṣọ ló..."

"Orí ló wà. Fìlà ni!" Baálẹ̀ gbaná jẹ. "Òun ló ṣe ń gan! Ẹ ṣí i! Ẹ jẹ́ kó dọ̀bálẹ̀!"

Wọ́n ṣí i. Ìyálóde ní kí wọ́n ní sùúrù, ta ló sọ pé ọkùnrin ni, bó bá jẹ́ obìnrin, kíkúnlẹ̀ ló yẹ ẹ́. Wọ́n fi èyí jiyàn títí ọ̀fun fi gbẹ, fáànù òkè àjà sì ń fẹ́ sí kọ̀ǹpútà náà lára. Nígbẹ̀yìn, wọ́n dà á délẹ̀. Bàbá tún tẹ géèmù, kò retí nǹkan kan mọ́.

Pààààà! Họ́ọ̀nù tírélà dún. Ìyálóde bọ́ sábẹ́ tábìlì, Fadékẹ́mi ń pariwo pé kí wọ́n sá lọ́nà.

Mùsúdù gbọ́wọ́ lé ẹ̀yìn àpótí, ó mú aṣọ náà dání, ó fi kan ẹ̀rẹ̀kẹ́. "Yéè! Ooru ni! Kábíyèsí, fáànù wà lẹ́yìn ibí, ibẹ̀ ló ti ń mí. Géèmù yìí wúwo. Tó bá ti fẹ́ ṣí, ara kọ̀ǹpútà á gbóná. Wọ́n wá faṣọ dí i nímú. Kí ló máa ṣe tí kò ní gan?"

"O ò wá rí i látọjọ́ yìí?"

"Ìhòòhò ni wọ́n ń gbé e wá bá mi, sà!"

Gbogbo ojú yí sí Ìyá Rosaline. "Ìwọ ni?" Bàbá wí. "Ìwọ lo fẹ́ fi Henry rọ́pò mi?"

"Èmi ò mọ Henry o! Eruku ni mò ń lé, mo rò pé mò ń kẹ́ ẹ ni." Ohùn ẹ̀ wálẹ̀. "Bàbá Rosaline, ẹ̀yin àti Ìmísí lẹ jọ máa ń rẹ́rìn-ín nínú yàrá yẹn. Ẹnikẹ́ni ò bi mí rí bóyá mo fẹ́ wọkọ̀. Mo ní tí èmi ò bá sí níbẹ̀, kíṣẹ́ ọwọ́ mi wà níbẹ̀."

Bàbá yíjú sí i. Gbogbo Sátidé tó fi ń wa tírélà, obìnrin yìí ló ń gbé tíì wọlé fún un, kò sì yíjú wò ó rí. Ojú tì í.

Baálẹ̀ wúkọ́. "Ẹ gbọ́ ìdájọ́. Mùsúdù, o ò ba kọ̀ǹpútà jẹ́. Ṣùgbọ́n o pa màlúù, o sì bú òṣìṣẹ́ ìjọba. Lọ́jọ́ Mọ́ńdè, wá jókòó sídìí tábìlì yìí láti àárọ̀ títí a ó fi ṣíwọ́. O ò gbọdọ̀ ṣe nǹkan kan. O ò gbọdọ̀ tẹ fóònù, o ò gbọdọ̀ sùn. Kí o wá sọ fún wa bóyá iṣẹ́ kékeré ni."

"Kábíyèsí, ẹ kúkú nà mí!"

"Ọ̀tún ló máa kọ́ ẹ. Bàbá Olúgbóyèga, aṣọ yìí ò ní ṣòfò. Ìgbàkígbà tẹ́ ẹ bá ń wa tírélà, orí yín ni yóò máa wà, ẹ fà á bo etí. Ẹ̀yin náà á mọ ohun tójú kọ̀ǹpútà rí. Ìyá Rosaline, ẹ̀yin ni kọ̀ńdọ́ láti òní lọ. Tírélà náà ò gbọdọ̀ gbéra láìsí yín."

"Kábíyèsí," Ọ̀tún wí, "tírélà kì í ní kọ̀ńdọ́."

"Èyí tí mo dá lẹ́jọ́ ní kọ̀ńdọ́."

Bàbá de aṣọ króṣè mọ́rí, òdòdó já bọ́ síwájú orí ẹ̀, òógùn bò ó. Ìyá Rosaline fa àga sún mọ́ ọn. Tírélà ṣí. Ohùn Ìmísí dún: "Bàbá àgbà! Ẹ ti pẹ́ o. Henry ti jókòó."

Bàbá kọjú sí kọ̀ńdọ́ ẹ̀. Ìyá Rosaline fa èémí sínú, ó sì kígbe bíi kọ̀ńdọ́ tó ń dá ọkọ̀ dúró kí èrò sọ̀ ní Mile 2: "Ówà o! Henry ń bọ́ọ́lẹ̀!"

Ẹ̀rín Ìmísí wá bú jáde. "Màmá àgbà? Ṣé ẹ̀yin náà wà níbẹ̀ ni?"

"Mo wà lẹ́nu ilẹ̀kùn, ọmọ mi."

Bàbá fi etí aṣọ króṣè nu ojú, ó ní ooru ni. Ìyá Rosaline gbá ara tábìlì lẹ́ẹ̀mejì.

"Dẹ́rẹ́bà, máa lọ!"