Ọjọ́ Tí Mo Sọ Ọkọ Mi Nù Láàárín Kàdúná àti Àbújá

Bí gbogbo ọjọ́ tí mo ti lò láyé bá pa rẹ́ lọ́kàn mi, ọ̀kan á ṣẹ́ kù: ọjọ́ tí mo mú ọkọ mi jáde lọ gbafẹ́, tí mo sì sọ ọ́ nù. Ẹ má rò pé mò ń sọ àsọdùn. Odindi àgbà ọkùnrin tó ní irùngbọ̀n funfun ni mo sọ nù bí ẹni sọ agboòrùn nù.

Nàráyì là ń gbé, níhìn-ín ní Kàdúná. Tíṣà ilé ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ ni mí. Ọkọ mi, Bàbá Tolú, ṣẹ̀ṣẹ̀ fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ ìjọba nígbà náà. Ọdún yẹn gan-an ni àbíkẹ́yìn wa wọ yunifásítì, ni ilé bá dá wáí. Mi ò mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé àwọn ọmọ ló ń bá wa sọ̀rọ̀. Ìgbà tí wọ́n lọ tán ni mo tó rí i pé èmi àti ọkùnrin yìí ò ní ọ̀rọ̀ mìíràn lẹ́nu mọ́ ju "Ẹ káàárọ̀," "Wọ́n ti mú iná lọ," àti "Ṣé omi ṣì wà nínú dúrọ́ọ̀mù?" Á jókòó ti rédíò rẹ̀ lójú fèrèsé, èmi á jókòó ti ìwé àwọn ọmọ kíláàsì mi, a ó sì jọ máa gbọ́ ìró kẹ̀kẹ́ ẹlẹ́sẹ̀ mẹ́ta tó ń kọjá níta. A ò jà. Ìbá tiẹ̀ sàn kó jẹ́ ìjà là ń jà, torí àwọn tó ń jà a máa bá ara wọn sọ̀rọ̀.

Nírọ̀lẹ́ ọjọ́ kan, mo ní, "Bàbá Tolú, ẹ jẹ́ ká lọ sí Àbújá lọ́jọ́ Sátidé. Ká wọ ọkọ̀ ojú irin lọ, ká wọ bọ́ọ̀sì dé etí adágún Jàbí, ká wọ ọkọ̀ ojú omi, ká tún padà sílé lọ́jọ́ kan náà."

Ó yí ohùn rédíò sílẹ̀. "Ta ló kú níbẹ̀?"

"Kò sẹ́ni tó kú. A kàn fẹ́ lọ gbafẹ́ ni."

"Ọkọ̀ ojú omi kẹ̀?" Ó wò mí bí ẹni tí mo ní kó wá gbé iná mì. "Ìyá Tolú, orí àpáta ni wọ́n bí mi sí. Omi tí èmi mọ̀ ni èyí tí wọ́n ń bù sínú ife."

Òótọ́ ló sọ. Ọmọ Ìyàgbà ni, láti abúlé kan tó wà láàárín òkè. Tí wọ́n bá ń fi òkun hàn lórí tẹlifíṣọ̀n pàápàá, yóò ká ẹsẹ̀ rẹ̀ sórí àga. Ṣùgbọ́n mo rọ̀ ọ́ títí. Mo ní kó má ṣèyọnu, èmi ni amọ̀nà, mo ti bi àwọn èèyàn léèrè, gbogbo ọ̀nà pátá ni mo ti mọ̀. Ó mí kanlẹ̀, ó ní, "Tóò. Ibi tó o bá lọ náà ni n ó lọ." Ọ̀rọ̀ yẹn wọ̀ mí lára ju bí mo ṣe jẹ́ kó mọ̀ lọ.

Sátidé dé. Mo se mọ́ínmọ́ín, mo bu ọbẹ̀ ata sínú fúláàsì, mo ká ìró àdìrẹ kan tí a ó tẹ́ sílẹ̀ jókòó sínú àpò. Mo wọ àńkárá aláwọ̀ ewé tó ní ẹyẹ wẹ́wẹ́ lára, èyí tí gbogbo obìnrin ń rà lọ́dún yẹn. A ti ìhín ìlú dé ọ̀hún, títí dé ibùdókọ̀ ojú irin ní Rígásà. Wàhálà àkọ́kọ́ ti ń dúró dè wá níbẹ̀. Torí pé mo pẹ́ kí n tó ra tíkẹ́ẹ̀tì, kóòṣì ọ̀tọ̀ọ̀tọ̀ ni wọ́n fún wa, tòun níwájú, tèmi lẹ́yìn pátápátá. Nígbà tí a dé ibi tí àwọn ẹ̀ṣọ́ ti ń yẹ ẹrù wò, mo ní, "Ẹ fi fóònù yín sínú àpò mi, kó lè yá." Ó fi í síbẹ̀. Ìrònú ọlọ́gbọ́n nìyẹn lójú tèmi.

Ọkọ̀ gbéra. Ẹ̀yin èèyàn mi, ilẹ̀ yìí dára! Oko ọkà bàbà tó lọ bí ẹní, àpáta tó jókòó bí àgbààgbà níbi ìpàdé, àwọn ọmọ Fúlàní tó ń juwọ́ sí ọkọ̀ lẹ́yìn màlúù. Mo rí igi kan tó dá dúró lórí òkúta, mo sì yíjú kíá: "Ẹ wo ìyẹn, Bàbá Tolú!" Alhájì àgbàlagbà kan ló wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. "Na'am?" ló wí, ó sì fi sùúrù na ọrùn wo igi náà. Ojú tì mí. Mo fara ti àga, oorun sì gbé mi lọ. Ohun tí mo gbọ́ lẹ́yìn ìyẹn ni, "Hajiya, an iso." A ti dé. Orí èjìká bàbá onísùúrù yẹn ni orí mi wà, itọ́ mi sì ti ya àwòrán sára babanrígà rẹ̀. Mo tọrọ àforíjì ní Hausa, mo tún tọrọ ọ́ ní Yorùbá, mo sá bọ́ sílẹ̀.

Ní ibùdókọ̀ Idu yẹn, mo dúró, mo ń retí ọkọ mi. Èrò ń sọ̀ kalẹ̀, èrò ń tán lọ. N kò rí i.  Mo yọ fóònù mi, mo pè é. Ẹ gbọ́ o: inú àpò mi ló ti ń dún! Orin ìjọ wa tó fi ṣe ìró ìpè ń ké tantan lábẹ́ mọ́ínmọ́ín, gbogbo ẹni tó ń kọjá sì ń wò mí bí mo ṣe gbé fóònù kan sétí, tí mò ń pe èkejì tó wà lápá mi.

Mo sáré lọ sí kóòṣì rẹ̀. Obìnrin kan tó jókòó tì í wá ń bọ̀ pẹ̀lú ọmọ lẹ́yìn. Mo ṣàpèjúwe rẹ̀ fún un: bàbá pẹ́lẹ́ńgẹ́, jáńpá funfun. Ó pàtẹ́wọ́. "Kai! Baba ya sauka a Kubwa." Ó ti sọ̀ kalẹ̀ ní Kúbúwà, ibùdókọ̀ tó ṣáájú ti Idu. Ó ní bàbá náà yọjú lójú fèrèsé, ó rí obìnrin kan tó wọ irú aṣọ ara mi yìí, ó pariwo pé ìyàwó òun ti bọ́lẹ̀, ó sì fò dìde.

Ọkọ mi padà sọ ìyókù fún mi. Ó sáré tẹ̀ lé aláǹkárá náà dé ẹnu géètì, ó fọwọ́ kàn án léjìká, ó ní, "Ìyá Tolú, kí ló dé tó o fi mí sílẹ̀?" Obìnrin náà yíjú padà, ojú tí kò rí rí. Ọkọ obìnrin náà sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀ nínú aṣọ sójà. Kí Bàbá Tolú tó bẹ̀bẹ̀ tán, ọkọ̀ ojú irin ti lọ.

Ká ní mo gbọ́n ni, ǹ bá jókòó sójú kan. Àbí kí n tilẹ̀ lọ tààrà sí adágún tí a jọ fẹnu kò sí. Ṣùgbọ́n amọ̀nà ni mí, mo ti mọ gbogbo ọ̀nà. Mo wọ takisí, mo forí lé Kúbúwà. Ẹ̀ṣọ́ tó wà lẹ́nu ọ̀nà níbẹ̀ ní, "Bàbá tó ń wá ìyàwó rẹ̀? Ó ti lọ o. Ó ní òun ń lọ síbi omi, pé ibẹ̀ ni ìyàwó òun máa wá." Mo fọwọ́ lérí. Ọkùnrin tí kì í fẹ́ rí omi, tí kò ní fóònù, tí kò mọ ìlú!

Mo sáré jáde sójú títì. Kọ̀ńdọ́ bọ́ọ̀sì kan ń lọgun nínú ariwo ọkọ̀, etí mi sì gbọ́ "Jàbí! Jàbí!" Mo kó sínú ọkọ̀. Zuba ló ń pè. A ti rìn jìnnà kí n tó bi ẹni tó wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi pé ṣé a ò tíì dé Jàbí. Ó ní, "Jàbí? Haba Mama, ẹ ti kọ ẹ̀yìn sí Jàbí." Awakọ̀ tẹ bíréèkì níbi kan, fúláàsì tó wà ní itan mi yí lù mí láyà, ọmọrí rẹ̀ ṣí, ọbẹ̀ ata sì dà sí mi láti àyà dé orúnkún. Mo sọ̀ kalẹ̀ láàárín àwọn tó ń ta ọsàn ní Zuba, mo pupa fòò bí ilẹ̀ Kàdúná lásìkò òjò. Mo sunkún díẹ̀ níbẹ̀. Kì í ṣe torí aṣọ. Ohun tó ń dún lọ́kàn mi ni pé, bí mi ò bá rí ọkùnrin yìí mọ́ ńkọ́? Ọ̀rọ̀ ìkẹyìn tí mo bá a sọ ni pé kó mú fóònù wá.

Ìgbà tí mo fi dé Jàbí, oòrùn ti yẹ àtàrí. Mo sáré dé etí omi. Ìdílé ń rìn kiri, àwọn ọmọdé ń jẹ yìnyín oníṣúgà. Bí mo ṣe wo ọwọ́ ọ̀tún, ọkọ mi nìyẹn! Inú ọkọ̀ ojú omi kékeré kan ló jókòó sí, ní ẹ̀gbẹ́ ibi tí wọ́n ń so ọkọ̀ mọ́. Wọ́n ti fi ẹ̀wù aláwọ̀ ọsàn tí kì í jẹ́ kéèyàn rì wọ̀ ọ́ lórí jáńpá. Ó di pákó mú lọ́wọ́ méjèèjì, ojú rẹ̀ dì pinpin, ètè rẹ̀ ń mì. Àdúrà ló ń gbà. Ó ti rí aláǹkárá ewé mìíràn láàárín àwọn tó wà lórí omi lọ́ọ̀ọ́kán, ó sì ti bẹ awakọ̀ pé kó gbé òun lọ wò ó bóyá èmi ni.

Mo kígbe, "Bàbá Tolú!"

Ó lajú. Ó rí mi. Ó rí ọbẹ̀ ata.

"Ẹ̀jẹ̀!" ló ké. "Yéè! Ta ló ṣe ọ́ léṣe?" Ó fò dìde, ọkọ̀ fì sọ́tùn-ún, ó fì sósì, awakọ̀ ń pariwo pé kó jókòó. Kò tiẹ̀ gbọ́. Ọkùnrin tó ń bẹ̀rù omi orí tẹlifíṣọ̀n tẹsẹ̀ sójú omi bí ẹni ń tẹsẹ̀ sílẹ̀ẹ́lẹ̀, ó sì lọ, gbúdú!

Omi náà kò ju ìbàdí lọ. Ṣùgbọ́n òun kò mọ̀, torí náà ó ń jà bí ẹni tó wà láàárín òkun, síbẹ̀ ó ń bọ̀ wá sọ́dọ̀ mi. Awakọ̀ dì í lápá kan, mo dì í lápá kejì. Nígbà tó gun òkè tán, kò wo ara rẹ̀. Ó ń fi ọwọ́ tútù wá ojú egbò kiri lára mi. Ó fi ìka kan ọbẹ̀ náà, ó gbóòórùn rẹ̀. Ó tọ́ ọ wò.

"Iyọ̀ ti pọ̀ jù," ló wí.

Bí ẹ̀rín ṣe gbé wa nìyẹn. A rẹ́rìn-ín títí a fi jókòó sílẹ̀. A jẹ mọ́ínmọ́ín láìlọ́bẹ̀, a sọ̀rọ̀. Ó ní òun ti ń rò ó nínú bọ́ọ̀sì pé tóun bá rí mi, òun máa sọ fún mi pé ilé dá wáí lójú òun náà, pé òun kàn ń tan rédíò yẹn lásán ni, òun kì í gbọ́ ohun tí wọ́n ń sọ.  Mo fún un ní mọ́ínmọ́ín tó kù. Lẹ́yìn náà ni òun fúnra rẹ̀ ní ká wọ ọkọ̀ ojú omi. Ó ní omi ti ṣe èyí tó máa ṣe. A yí adágún náà ká jẹ́jẹ́, ó sì di ọwọ́ mi mú débi pé ìka mi kú.

Bàtà rẹ̀ kan ti bá omi lọ. Ṣòkòtò rẹ̀ tutù rinrin, ni mo bá fún un ní ìró àdìrẹ yẹn, ó ró o mọ́dìí. Báyìí la ṣe wọ ọkọ̀ ojú irin padà. Ẹni tó yẹ kó jókòó tì í wo ìró, ó wo ẹsẹ̀ tí kò ní bàtà, ó sì gbé àpò rẹ̀, ó fi ìjókòó náà sílẹ̀ fún mi láìjẹ́ pé a bẹ̀ ẹ́. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ ń dúpẹ́ ni mo gbọ́ ohùn kan lẹ́yìn wa: "Bàbá Tolú! Ṣé kò sí nǹkan o?" Pásítọ̀ wa ni. Ilẹ̀ ìbá lanu kó gbé mi mì.

Ọkọ mi tún ìró rẹ̀ ró. "Kò sí nǹkan o, Pásítọ̀. Èmi àti ìyàwó mi lọ gbafẹ́ ni." Ó sì ro gbogbo rẹ̀ fún un láti orí dé ìdí, sójà, omi, ọbẹ̀ ata, títí tí gbogbo kóòṣì fi ń gbọ́. Láti ìgbà tí àwọn ọmọ ti lọ, mi ò gbọ́ kó sọ̀rọ̀ tó bẹ́ẹ̀.

Mo kọ́gbọ́n. Kí kálukú mú fóònù rẹ̀ lọ́wọ́. Kí a dé fúláàsì dáadáa. Kí ẹni tí kò mọ̀nà béèrè, kó sì tún béèrè. Ẹni tó bá sì rò pé ọ̀rọ̀ ti tán láàárín òun àti ẹnìkejì òun, kó gbìyànjú kó sọ ọ́ nù díẹ̀ ná. Bí mo ṣe ń kọ èyí, ẹ̀rín ń pa mí, ọkọ mi sì ń bi mí láti pálọ̀ pé kí ló dé. Mo ní ọ̀rọ̀ òun àti adágún ni mò ń kọ.

"Kò burú," ó wí. "Ṣùgbọ́n má purọ́ fún wọn o. Kọ ọ́ síbẹ̀ pé omi yẹn jìn."