Ràhímù Alásè àti Ọ̀tá Mẹ́fà

Sájẹ́ǹtì Bámigbóyè fẹ̀yìn tì kúrò nínú iṣẹ́ ológun, ó ra kámẹ́rà. Àwọn ọmọ-ọmọ rẹ̀ ní àdúgbò Okumagba Layout ò gbà pé ó jagun rí, ló bá búra pé òun á ya fíìmù ìtàn òun àtàwọn ẹlẹgbẹ́ òun kí ikú tó kó wọn tán. Lọ́jọ́ tí à ń wí yìí, ó gbé kámẹ́rà lé orí àpò àlùbọ́sà nínú ṣọ́ọ̀bù Ràhímù, ní ọjà ńlá Warri. Ràhímù ni alásè wọn lójú ogun. Bọ́ǹbù kan náà ló ba etí àwọn méjèèjì jẹ́.

"Ràhímù, wo ibí. Sọ̀rọ̀ nípa ogun."

"Oògùn? Ọ̀kan láàárọ̀, méjì lálẹ́. Ó korò jù, ọ̀gá."

"Ogun! Ogun tá a jà!"

"Ẹ̀n-ẹ́n! Ẹ bá ti sọ bẹ́ẹ̀." Ó tún fìlà dé. "Ta ni ìyàwó mi nínú fíìmù náà?"

"Kò sí ìyàwó níbẹ̀. Ìtàn gidi ni! Nígbà tí ọ̀tá dé, kí lo ṣe?"

"Ọta ìbọn kẹ̀? Èmi ò ní ọta kankan. Ṣíbí ọbẹ̀ ni wọ́n fún mi."

Bámigbóyè nu òógùn ojú. "Ọ̀tá, Ràhímù! Dem wey wan kill us!"

"Háà, àwọn yẹn! Ẹ̀wà ni mo fi mú wọn."

Díẹ̀ ló kù kí Bámigbóyè ṣubú lu kámẹ́rà. "Ẹwà? Ẹwà ta ni? Àbí o wọ aṣọ obìnrin?"

Ràhímù fọwọ́ gbá àgbọ̀n ara rẹ̀ mú. "Pẹ̀lú irùngbọ̀n yìí? Ẹ̀wà jíjẹ, ọ̀gá! Ẹ̀yin lọ síwájú, ẹ fi èmi nìkan ti ìkòkò. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ da epo sí i ni igbó mì. Àwọn mẹ́fà jáde, tìbọn-tìbọn."

Bámigbóyè sún mọ́ etí Ràhímù, ó rẹ ohùn sílẹ̀. "Ẹ̀rù bà ọ́?"

"Ó bà mí o. Ṣùgbọ́n mo wo ojú wọn, ebi ti fẹ́rẹ̀ẹ́ pa wọ́n tán. Mo ní kí wọ́n jókòó, ẹ̀wà ò tíì jinná. Mo ní ẹni tó bá di ìbọn mú ò ní rọ́wọ́ di abọ́ mú. Wọ́n kó ìbọn jọ sábẹ́ igi."

"Gbogbo wọn?"

"Ọ̀kan ṣagídí. Mo fi ẹja kún tirẹ̀. Bí wọ́n ti ń jẹun ni mo kó àwọn ìbọn náà, mo sì fà wọ́n lé àwọn ológun mìíràn tó ń kọjá lọ́wọ́ kí ẹ tó dé."

Omi lé sójú Bámigbóyè. Gbogbo ìbọn tí òun yìn láyé òun, òun ò mú ẹnì kan láàyè rí. "Ràhímù, you be lion! Kí ló dé tó ò sọ fún ẹnikẹ́ni?"

"Mo sọ o! Ohun tí gbogbo yín bi mí ni pé ṣé ẹ̀wà ṣẹ́kù."

Bámigbóyè wúkọ́, ó tún kámẹ́rà gbé. "Ó dáa. Gba àwọn ọmọ tó fẹ́ wọṣẹ́ sọ́jà nímọ̀ràn."

Ràhímù gbé àyà síta. "Kí wọ́n jẹun yó kí wọ́n tó kúrò nílé. Ẹni tébi bá ń pa lójú ogun, mo ti mú un nìyẹn!"

Ikùn Bámigbóyè ló dáhùn, ó kùn bí ẹ̀rọ ọkọ̀ ojú omi. Sájẹ́ǹtì wo kúlà oúnjẹ tó wà lẹ́yìn Ràhímù, ó sì na ọwọ́ méjèèjì sókè.

"Mo juwọ́ sílẹ̀. Bu tèmi."