Páànù Matilda àti Irùngbọ̀n Baálẹ̀

Ẹ̀yin tí ẹ ń ka èyí, ẹ jọ̀ọ́, ẹ má kà á sókè. Ẹ kọ́kọ́ wo ẹ̀yìn yín ná. Bí ẹnikẹ́ni bá bi yín pé ta ló sọ fún yín, ẹ ní ẹ gbọ́ ọ lójú ọ̀nà. Èmi ni mo ń tẹ́ ẹní ní ààfin Baálẹ̀ wa, ní apá Ìdímù níbí, èmi náà ni mo ń bu omi fún àwọn ìjòyè. Ìwé mẹ́fà ni mo kà. Mi ò fẹ́ kí ẹní bọ́ lọ́wọ́ mi.

Ó dáa. Ẹjọ́ kan wọ ààfin lọ́sẹ̀ tó kọjá. Ẹjọ́ búrẹ́dì ni. Rárá. Ẹjọ́ ohun tó wà lórí búrẹ́dì ni.

Ẹni tó pẹjọ́ ni Yésúfù oníbékìrì, ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́, tó ní ààrò ńlá lẹ́yìn ọjà. Ẹni tó pè lẹ́jọ́ ni Ìyáàfin Matilda, òṣìṣẹ́ ìjọba, ọmọ ìjọ Áńgílíkà. Ìyáàfin yìí gbé ẹ̀rí wá: páànù kan tí wọ́n fi fọ́ìlì bò. Èmi ni mo gbà á, mo gbé e síwájú Baálẹ̀. Wọ́n ní kí n gbé e síbẹ̀ ni o. Ẹ rántí.

"Yésúfù, kí ló dé?" Baálẹ̀ béèrè.

"Kí Baálẹ̀ pẹ́. Obìnrin yìí ti ba ayé mi jẹ́."

"Obìnrin yìí? Mo ní orúkọ o!" Matilda ní.

Ọ̀tún fi ọ̀pá gbá ilẹ̀. "Ẹ jẹ́ kó rojọ́."

Yésúfù tún fìlà rẹ̀ ṣe. "Ẹ mọ̀ pé tí búrẹ́dì mi bá ti jáde, àwọn ará àdúgbò máa ń gbé páànù wá fi iná tó kù yan nǹkan. Kéèkì ni, ẹja ni, mi ò kọ̀. Ìyáàfin gbé tiwọn wá. Búrẹ́dì tí wọ́n gé sí kéékèèké ni. Wọ́n fi bọ́tà pa á, wọ́n tẹ́ ẹran pẹlẹbẹ kan lé e, wọ́n wá fi ṣíìsì, wàrà òyìnbó yẹn, bò ó lórí. Wọ́n ní orí tẹlifíṣọ̀n làwọn ti rí i. Wọ́n ní kò le rárá, kí ṣíìsì ṣáà ti yọ́, ó parí."

"Ó dùn ún gbọ́," Baálẹ̀ ní. Wọ́n ṣí fọ́ìlì. "Ṣé òun rèé?"

"Òun ni, Baálẹ̀."

Baálẹ̀ fi ìka méjì mú ẹyọ kan. Ó ṣe mí bíi kí n wúkọ́. Mi ò wúkọ́.

"Máa bá ọ̀rọ̀ rẹ lọ," Baálẹ̀ ní, wọ́n ń jẹ.

"Ẹ mọ òfin ààrò, Baálẹ̀. Ohunkóhun tí a bá yan fún èèyàn, oníààrò gbọ́dọ̀ tọ́ ọ wò, kí ẹnì kan má wá sọ lẹ́yìn pé kò jinná. Ọ̀gá tó kọ́ mi níṣẹ́ máa ń tọ́ ọ wò. Èmi náà tọ́ ọ wò."

"Ẹ bi wọ́n pé ìtọ́wò wo ni!" Matilda ní. "Ìlà kan gbáko ni wọ́n tọ́ wò tán!"

"Ṣé ojú kan náà ló máa ń jinná sí ni? Ti àárín yàtọ̀ sí ti etí!"

"Òótọ́ ni," Baálẹ̀ ní. Wọ́n mú ọ̀kan láti etí. "Òótọ́ ni o. Ti etí ń ta sánsán."

Yésúfù wo ọwọ́ Baálẹ̀. Ó gbé itọ́ mì. "Nígbà tí ìyáàfin dé, tí wọ́n rí àyè nínú páànù, wọ́n pariwo. Àwọn tó ń gba búrẹ́dì lọ́wọ́ mi lọ sí Baruwa àti Command wà níbẹ̀, wọ́n ti gbé abọ́ karí. Ìyáàfin wá dárúkọ ẹran yẹn sójú gbogbo wọn. Gbogbo wọn sọ abọ́ kalẹ̀. Wọ́n ní ààrò mi ti di ẹ̀gbin. Búrẹ́dì mi ti le bíi bíríkì lórí pẹpẹ. Tó bá fi máa di Jímọ̀ báyìí, Baálẹ̀, màá ti ilẹ̀kùn, màá kó lọ sílé."

"Ẹran kí ni wọ́n dárúkọ?"

"Ẹnu mi ò lè pè é."

"Ẹran tó dùn báyìí? Ẹran ìgbẹ́ ni?"

"Kì í ṣe ti ìgbẹ́. Baálẹ̀, ẹ… ẹ dáwọ́ dúró ná."

"Matilda, bá wa pè é jàre."

"Hámù ni, Baálẹ̀. Ẹran ẹlẹ́dẹ̀."

Ẹ ò mọ Baálẹ̀ wa. Àlàájì ni wọ́n. Ìlà iwájú ni wọ́n ń dúró sí ní mọ́sálásí. Ẹnu wọn dúró. Wọn ò gbé e mì, wọn ò tu ú. Ọ̀tún, tó jẹ́ ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì, gbójú sókè, ó ń wo àjà.

"Omi," Baálẹ̀ ní.

Mo bu omi. Wọ́n mu ún. Ohun tó wà lẹ́nu wọn, bóyá ó bá omi lọ, bóyá kò bá a lọ, èmi ò rí i. Ẹní ni mò ń wò.

"Matilda." Ohùn Baálẹ̀ ti tín-ín-rín. "O mọ̀ pé Mùsùlùmí ni Yésúfù, o wá gbé ẹlẹ́dẹ̀ wọ ààrò rẹ̀?"

"Mo bò ó, Baálẹ̀! Mo fi fọ́ìlì bò ó mọ́lẹ̀ dáadáa. Mo ní, 'Bàbá, ẹ má ṣí i o.' Ọlọ́run tó fún wọn lẹ́sìn, ṣé kò fún wọn létí ni?"

"Ẹ ò sọ pé ẹlẹ́dẹ̀ ni!" Yésúfù ní.

"Ẹ ò bi mí! Ẹni tó fẹ́ jí nǹkan jẹ, ṣebí òun ló yẹ kó kọ́kọ́ béèrè bóyá hàláàlì ni!"

"Kí ló dé tẹ́ ẹ ò fi sọ ọ́ sí mi létí jẹ́ẹ́? Àfi kí ará Command gbọ́?"

"Inú ló bí mi! Wọ́n ń gbé àlùfáà wa lọ sí ìjọ míì, ìdágbére wọn ni mo yan án sí. Ṣé páànù tí eku ti bẹ̀ wò ni kí n gbé síwájú ẹgbẹ́ àwọn ìyá?"

"Ta leku?"

"Ẹni tó bá mọ ara rẹ̀!"

Baálẹ̀ ní kí wọ́n pe ẹlẹ́rìí. Ìyá Àtọ́kẹ́ ló jáde, àgbà nínú àwọn tó ń gba búrẹ́dì.

"Baálẹ̀, mo wà níbẹ̀. Yésúfù ò jẹ nǹkan kan."

"Ẹ rí i dájú?"

"Ojú mi báyìí. Ó kàn ń gbé àgbọ̀n rẹ̀ sókè sódò ni."

"Tí kò bá jẹ nǹkan kan, kí ló dé tẹ́ ẹ fi kọ búrẹ́dì rẹ̀?"

"Torí pé ó jẹ ẹ́ ni, Baálẹ̀."

Wọ́n ní kó jókòó. Ilésanmí dìde, ọkùnrin tó ń ti páànù wọ ààrò Yésúfù.

"Ọ̀gá mi tọ́ ọ wò, Baálẹ̀, wọ́n dijú. Wọ́n ní kí n wá tọ́ ọ wò. Ará Èkìtì lèmi, à ń jẹ ẹlẹ́dẹ̀ nílé wa. Bí mo ṣe fi kan ahọ́n báyìí, ọ̀rá rẹ̀…"

"Jókòó!" Baálẹ̀ àti Yésúfù jọ pariwo lẹ́ẹ̀kan náà.

"Mo fẹ́ sọ pé iyọ̀ rẹ̀…"

"A ní kó o jókòó!"

Baálẹ̀ nu ojú. "Ta ló ta ẹran yìí? Ẹ lọ mú un wá. Kíá!"

Julius ni, tó ń ta ẹran inú yìnyín ní Ikotun. Wọ́n fi ọ̀kadà gbé e dé. Omi yìnyín ṣì wà lọ́wọ́ rẹ̀.

"Julius, kí lo tà fún ìyáàfin yìí?"

"Hámù ni, Baálẹ̀."

"Hámù ẹran kí ni?"

Julius ya ẹnu. Ó rí páànù. Ó rí àyè nínú páànù. Ó rí wóró búrẹ́dì nínú irùngbọ̀n Baálẹ̀. Ó pa ẹnu dé.

"Rọra, Julius," Ọ̀tún ní. "Wo ibi tó o dúró sí kó o tó dáhùn."

"Baálẹ̀… ṣé bó ṣe rí lẹ fẹ́ kí n sọ ọ́, àbí bó ṣe yẹ kó rí?"

"Òtítọ́ la fẹ́. Òtítọ́ tí gbogbo wa máa lè bá sùn."

Julius mí kanlẹ̀. "Tòlótòló ni."

Matilda fò sókè. "Irọ́! Ẹlẹ́dẹ̀ lo pè é fún mi! Àwòrán ẹlẹ́dẹ̀ wà lára láílọ́ọ̀nù tó o fi dì í!"

"Ẹ̀yin mọ̀mí náà! Àwòrán arẹwà wà lára ọṣẹ. Ṣé òun ni wọ́n lọ̀ mọ́ ọṣẹ ni?"

Ààfin rẹ́rìn-ín. Baálẹ̀ ló rín jù. Wọ́n rín títí omi fi bọ́ lójú wọn. Wọ́n wá na ọwọ́, gbogbo wa dákẹ́.

"Ìdájọ́ rèé. Ní àdúgbò yìí, láti òní lọ, hámù Julius, tòlótòló ni. Yésúfù, ààrò rẹ mọ́. Ìyá Àtọ́kẹ́, kí gbogbo yín gbé abọ́ yín láàárọ̀ ọ̀la. Tí ẹ bá dé Baruwa, tí ẹ bá dé Command, kí ẹ tó pe búrẹ́dì, ẹ kọ́kọ́ pe tòlótòló."

"A gbọ́, Baálẹ̀."

"Julius, o ta tòlótòló lórúkọ ẹlẹ́dẹ̀. Ìrẹ́jẹ pátápátá. Wàá so tòlótòló kan, alààyè, mọ́ ẹnu ọ̀nà ṣọ́ọ̀bù rẹ, kí ayé lè mọ ohun tó ò ń tà. Tó bá kú, wàá ra òmíràn. Tó bá ṣu, ìwọ lo máa gbá a."

"Ha, Baálẹ̀! Títí dìgbà wo?"

"Títí n ó fi gbàgbé. Matilda!"

"Baálẹ̀."

"O pe tòlótòló ní ẹlẹ́dẹ̀ láàárín ọjà. O ba ẹran ẹlẹ́ran lórúkọ jẹ́. Wàá yan páànù míì."

"Fún àlùfáà wa?"

"Fún ààfin. A ò tíì yẹ ẹ̀rí yìí wò tó. Má lọ ra tòlótòló níbòmíràn o. Ti Julius yìí gan-an la fẹ́."

Yésúfù gbé ọwọ́ sókè, ó ń fòyà. "Baálẹ̀, ṣé kí n tọ́ ọ wò?"

"Òfin ààrò ni. Ṣùgbọ́n fi ti etí sílẹ̀."

Wọ́n tú ká. Mo ń ká ẹní lẹ́nu ọ̀nà. Mo wo ẹ̀yìn mi. Yésúfù ni mo rí, ó di Julius lápá mú, kò rẹ́rìn-ín mọ́.

"Julius, ọmọ mi, ààfin ti tú. Kò sí Baálẹ̀ níbí. Tí mo bá fẹ́ kírun, ọkàn mi kì í balẹ̀. Ẹran kí ni mo jẹ?"

Julius wo fèrèsé Baálẹ̀. Ó wò mí. Mo wo ẹní.

"Bàbá, ṣé àwọn oníbúrẹ́dì máa wá lọ́la àbí wọn ò ní wá?"

"Wọ́n máa wá."

"Tòlótòló tí mo fẹ́ lọ rà yìí, ṣé ẹ máa bá mi bọ́ ọ?"

"Mi ò… Julius, sọ fún mi. Èmi nìkan ni."

Julius rọra yọ apá rẹ̀.

"Ẹ jẹ́ kí n máa lọ jàre, Bàbá. Ohun tí mo sọ nínú ilé yẹn ni mo sọ. Mi ò ní sọ nǹkan kan mọ́."