Igbó Ni Dókítà Kọ fún Damaris

Damaris, díákónẹ́ẹ̀sì tó ń ṣe irun ní àdúgbò Hillbrow láàárín ìgboro, kò rí oorun sùn fún oṣù méjì. Ó bá wọ takisí lọ sí Bruma, sọ́dọ̀ Dókítà Láolú tó ń tọ́jú àwọn tí ọkàn wọn kò balẹ̀. Kò tíì jókòó dáadáa tí dókítà fi bẹ̀rẹ̀.

"Mà, oògùn kọ́ lẹ nílò. Igbó ni."

Damaris di báàgì rẹ̀ mú. "Igbó kẹ̀?"

"Ọgbọ̀n ìṣẹ́jú péré lóòjọ́, ara yín á fúyẹ́."

Damaris rántí àwọn géńdé tó máa ń dúró nísàlẹ̀ ilé wọn. Ara tiwọn fúyẹ́ lóòótọ́, díẹ̀ ló kù kí wọ́n fò. "Dókítà, díákónẹ́ẹ̀sì ni mí o!"

"Pásítọ̀ gan-an nílò rẹ̀. Àmọ́ kó má jẹ́ oríṣi kan ṣoṣo. Bó bá ṣe dàpọ̀ mọ́ra tó ni ọpọlọ á ṣe gbádùn tó."

"Ẹ tún ní kí n pò ó pọ̀!"

"Ẹ fà á símú dáadáa, ẹ dì í mú sáyà díẹ̀, kí ẹ wá tú u jáde."

"Ẹ̀jẹ̀ Jésù!" Damaris ti dìde. "Ọlọ́pàá ńkọ́?"

"Kí ni tọlọ́pàá? Ẹ kó àwọn ọmọ yín dání pàápàá."

"Kí àwọn ọmọ mi wá mu igbó!"

Dókítà ju bírò sílẹ̀. "Ta ló ní mímu? Igbó tí igi wà níbẹ̀ ni mo wí! Igi lóríṣiríṣi, ẹyẹ lóríṣiríṣi, labalábá!"

Damaris padà jókòó, ó mí kanlẹ̀. "Eish, Dókítà. Ẹyẹlé kún ojú fèrèsé mi, eku wà ní àtẹ̀gùn, oríṣi aáyán mẹ́ta ló wà ní kíṣìnì. Tó bá jẹ́ oríṣiríṣi ló ń wo ọpọlọ sàn, ó yẹ kí n ti máa rẹ́rìn-ín lójú oorun."

"Ẹ lọ sí ọgbà ìgbafẹ́ Joubert Park nígbà náà."

"Kí ẹyẹ tó kọrin kan tán, àwọn olè á ti gba fóònù mi. Ẹ̀yìn ògiri àwọn olówó tó ń sùn dáadáa tẹ́lẹ̀ ni igi gidi wà."

Dókítà nawọ́ sí òdòdó orí tábìlì rẹ̀. "Ewé tútù lásán, bí ẹ bá tẹjú mọ́ ọn, ọkàn á balẹ̀."

Damaris fọwọ́ kàn án. Rọ́bà ni.

"Ẹ̀yin fúnra yín, igbó wo lẹ máa ń lọ?"

"Èmi? Pẹ̀lú gbogbo aláìsàn yìí? Níbo ni mo ti fẹ́ ráyè?"

"Báwo lẹ ṣe wá ń sùn?"

Dókítà wo ẹnu ọ̀nà, ó rẹ ohùn sílẹ̀. "Mo máa ń lo hóró oògùn oorun kan."

Damaris nawọ́. "Òun gan-an ni kí ẹ kọ fún mi. Bí mo bá ti sùn, màá rí àwọn ẹyẹ yín lójú àlá."