Igbá Tí Olóyè Látúndé Rù Létí Òkun

Ẹ̀yin tí ẹ jókòó yí mi ká yìí, ẹ jẹ́ n bi yín kí ọwọ́ yín tó wọ inú ẹ̀pà yẹn tán: ṣé ẹ mọ ìdí tí àwọn àgbà fi ń pa òwe pé àgbà tó bá jẹ àjẹìwẹ̀yìn ni yóò ru igbá rẹ̀ délé? Ẹ ò mọ̀ ọ́n. Ẹ kàn ń fi í ṣépè fún àwọn bàbá yín tí wọn ò ṣẹ́ ẹran kù fún yín ni. Ó dáa, etí òkun lọ̀rọ̀ náà ti ṣẹ̀. Ojú mi kọ́ ló ṣe, ṣùgbọ́n ẹni tó sọ ọ́ fún mi kì í parọ́ ju bó ti yẹ lọ.

Ọkùnrin kan wà ní abúlé Orí-Yanrìn, Akíndùró lorúkọ rẹ̀. Kì í ṣe apẹja, kì í sì í ṣe àgbẹ̀. Àlejò ló ń mú rìn. Bí ará òkè kan bá fẹ́ fojú kan òkun, yóò wọ ọkọ̀ ojú omi wá sí Ẹnu-Odò láàárọ̀ kùtù, Akíndùró yóò pàdé rẹ̀ níbẹ̀, àwọn méjèèjì yóò sì máa fẹsẹ̀ rin etí òkun bọ̀ títí wọn yóò fi dé Orí-Yanrìn nírọ̀lẹ́, níbi tí àlejò yóò sùn mọ́jú nílé Akíndùró. Àlejò kan ṣoṣo lójúmọ́ ni, kì í pa méjì pọ̀. Yóò fi ibi tí odò ti ń bá òkun wọ̀yá ìjà hàn án, yóò fi ibi tí àwọn ìjàpá òkun ń yé ẹyin sí hàn án, yóò sọ orúkọ gbogbo ẹyẹ fún un. Ẹyẹ tí kò bá mọ orúkọ rẹ̀, yóò sọ ọ́ lórúkọ lójú ẹsẹ̀.

Kì í gbowó. Abúlé mẹ́ta ló wà lójú ọ̀nà náà, ó sì di dandan kí abúlé kọ̀ọ̀kan gbé oúnjẹ fún àlejò. Àwo kan ṣoṣo ni wọn ó gbé kalẹ̀, iwájú àgbà ni wọn ó sì gbé e sí. Àgbà á jẹ, á ṣẹ́ kù. Ohun tó bá kù nínú àwo lowó iṣẹ́ ẹni tó mú un wá. Akíndùró á jẹ díẹ̀ níbẹ̀, á sì fi ewé pọ́n ìyókù lọ sílé fún Ẹniìtàn ìyàwó rẹ̀. Ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ bu tirẹ̀ lọ́tọ̀ fún un, torí ńṣe ló dà bí ẹni ń sọ lójú àlejò pé ọ̀kánjúwà ni àlejò náà. Òun náà ò sì gbọdọ̀ mú oúnjẹ dání láti ilé, kí àwọn abúlé má baà sọ pé ó ń pe àwọn láhun. Ṣé ó yé yín? Ọwọ́ ìwà ọmọlúàbí ẹlòmíì ni oúnjẹ ọkùnrin yìí wà.

Ìyá ìyàwó rẹ̀ ò ka èyí síṣẹ́ rárá. Lọ́jọ́ ìgbéyàwó gan-an ló ti sọ ọ́ létí gbogbo ará pé ọmọ òun lọ fẹ́ ẹni tó ń fi òkun han èèyàn, òkun ńlá bẹ́ẹ̀, ta ni ò rí i? Ó wá ránṣẹ́ pé òun ń bọ̀ wá kí wọn. Akíndùró gbọ́, ara rẹ̀ ò balẹ̀ mọ́. Ó sọ fún Ẹniìtàn pé kó má ra ẹja, kó má ya ọ̀dọ̀ ẹnikẹ́ni lọ tọrọ. Inú iṣẹ́ òun ni ìyá yóò ti jẹun nírọ̀lẹ́ ọjọ́ náà, kí ẹnu rẹ̀ lè pa dé. Ẹniìtàn gbé ìkòkò òfìfo kaná, ó da omi sí i, ó ń retí ọkọ rẹ̀.

Àlejò ọjọ́ náà ni Olóyè Látúndé. Ẹ̀yin, bàbá yìí tóbi. Agbádá rẹ̀ kọ́kọ́ sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀, òun fúnra rẹ̀ tẹ̀ lé e. Ó gbé igbá ràbàtà kan dání, igbá tó ní ọmọrí, tí wọ́n fín yíká, kò sì sí nǹkan kan nínú rẹ̀. Ó ní àwọn ará ilé òun ní kí òun mú nǹkan etí òkun bọ̀. Akíndùró dọ̀bálẹ̀, ó kí i, ó gbé igbá náà rù. Igbá fúyẹ́, inú rẹ̀ dùn.

Abúlé kìíní ni Ìdí-Iyọ̀, níbi tí wọ́n ti ń se omi òkun títí yóò fi di iyọ̀. Wọ́n gbé púpurú, òkèlè ẹ̀gẹ́ wọn, kalẹ̀ pẹ̀lú ọbẹ̀ ọ̀bọ̀kún, odindi ẹja tòun torí. Orí ẹja ni ẹni tó mú àlejò wá máa ń jogún, gbogbo etí òkun ló mọ̀ bẹ́ẹ̀. Akíndùró jókòó sí ẹ̀gbẹ́ kan, ó ń wo ibòmíì bí ẹni tí a tọ́ dáadáa. Olóyè jẹ ara ẹja, ó jẹ ìrù ẹja. Lẹ́yìn náà ló dá orí sí méjì, ó fa ojú rẹ̀ méjèèjì mu, ó fi ìka nu àwo. Ó ní àwọn ará ibí yìí mọ ọbẹ̀ sè. Wọ́n kó àpò iyọ̀ kan sínú igbá rẹ̀ fún ilé.

Akíndùró sọ fún ara rẹ̀ pé ebi ọkọ̀ ojú omi ni. Ó gbé igbá rù, wọ́n ń lọ.

Abúlé kejì ni Abẹ́-Àgbọn. Ìyá arúgbó kan ló gba àlejò níbẹ̀, ọbẹ̀ akàn ló sì sè. Akíndùró rí i pé nǹkan ti ń bàjẹ́ nígbà tí Olóyè bẹ̀rẹ̀ sí í fi eyín fọ́ èékánná akàn. Ó wá ọgbọ́n dá. Ó súnmọ́ ọn, ó ní, "Bàbá, níbí yìí, àwọn àlejò wa máa ń ṣẹ́ díẹ̀ kù fún òkun."

Olóyè wo òkun, ó wò ó títí. "Òkun tó ní gbogbo ẹja? Ọmọ mi, ẹ̀yin gan-an lẹ ń bà á jẹ́." Ó sì fa ọbẹ̀ tó kù mu.

Ìyá arúgbó gbé àwo, ó wo inú rẹ̀, ó yí i sódì, ó wo Akíndùró pẹ̀lú àánú, ó ní òun ò ní fọ èyí mọ́. Síbẹ̀ kò sọ nǹkan kan fún àlejò. Ta ni yóò sọ fún àgbà pé kó dáwọ́ dúró? Ó kó àgbọn mẹ́fà àti akàn láàyè, tí wọ́n fi ìko dì, sínú igbá. Igbá ti ń wúwo, ẹni tó rù ú ló ń fúyẹ́.

Bí wọ́n ti ń lọ ni nǹkan kan dún gbùùrù. Olóyè dúró. "Ṣé òkun ló dún bẹ́ẹ̀ yẹn?"

"Òkun ni, Bàbá."

"Ó jọ pé ó súnmọ́ wa ju ti àárọ̀ lọ."

"Ó súnmọ́ wa gan-an ni, Bàbá," ni Akíndùró wí, ó sì fi ọwọ́ kan di ikùn rẹ̀ mú.

Ìrètí kan ṣoṣo ló kù, ìyẹn ni Ìfàwọ̀n, abúlé kẹta. Àwọn tó ń fa àwọ̀n ló wà níbẹ̀, ọkùnrin méje tí wọ́n ti ń fa àwọ̀n látìgbà tí ilẹ̀ ti mọ́. Oúnjẹ ọ̀sán tiwọn ni wọ́n gbé wá, agbada ẹja yíyan kan àti òkìtì púpurú, torí ó ti bọ́ sí àkókò tí àwọn náà fẹ́ jẹun. Wọ́n gbé e síwájú Olóyè gẹ́gẹ́ bí àgbà. Àgbà á kọ́kọ́ bù, á tì í sí ẹni tó tẹ̀ lé e lọ́jọ́ orí, bẹ́ẹ̀ ni yóò ṣe máa lọ títí yóò fi kan Akíndùró. Wọ́n fọwọ́, àwọn mẹ́jẹ̀ẹ̀jọ, wọ́n gbé ọwọ́ sókè, wọ́n ń dúró.

Olóyè bù ú, ó tún bù ú. Ọwọ́ wọn gbẹ. Wọ́n tún un fọ̀. Olóyè ń sọ bí ẹja òkun ṣe dùn ju ẹja odò lọ, ó ń fi èyí tó ń jẹ ṣe àpẹẹrẹ. Ọwọ́ tún gbẹ, wọ́n tún un fọ̀ lẹ́ẹ̀kẹta. Ẹni tó dàgbà jù nínú wọn bẹ̀rẹ̀ sí í wúkọ́, Olóyè sì kí i pẹ̀lẹ́, ó ní egungun ẹja kò dáa lọ́nà ọ̀fun, ó mú ẹja tó wà ní ọ̀dọ̀ rẹ̀ kúrò. Nígbà tó yá, omi ìfọwọ́ nìkan ló kù nínú gbogbo ohun tí wọ́n gbé wá. Olóyè wò ó, ó ní ṣé ẹnikẹ́ni ń mu ún.

Àwọn ọkùnrin méje náà dìde, wọ́n dúpẹ́ pé ó jẹun lọ́dọ̀ àwọn. Wọ́n tilẹ̀ kó ẹja ṣáwá gbígbẹ kún igbá rẹ̀ dé ẹnu, nítorí àlejò ni àlejò ń jẹ́. Akíndùró bẹ̀rẹ̀ mọ́ igbá láti gbé e. Igbá ò mira. Ó tún bẹ̀rẹ̀, igbá ò kúrò lójú kan. Ó rántí ìkòkò omi tó ń hó lásán nílé, ó rántí ẹnu ìyá Ẹniìtàn, ẹkún sì gbọ̀n ọ́n, ọkùnrin gidi. Kò bú àgbà. Ó kàn dọ̀bálẹ̀ lórí yanrìn.

"Bàbá, iṣẹ́ mi ni kí n fi ọ̀nà hàn yín, màá sì fi hàn yín délé. Ṣùgbọ́n orí ló ń ru igbá, ikùn ló sì ń gbé orí dúró. Ikùn ti kọ̀."

Olóyè yíjú sí àwọn afàwọ̀n, ó ní kí ọ̀kan nínú wọn wá gbé e. Àwọn méjèèje dọ̀bálẹ̀ gbalaja lẹ́ẹ̀kan náà, yanrìn bo àyà wọn, wọ́n kí i kú ìrìn. Èkíní ní ọrùn òun ń dun òun láti ọdún tó kọjá. Èkejì ní orí òun ò gba ẹrù, bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ṣe bí òun. Ẹ̀kẹta ní òun kì í ru nǹkan lẹ́yìn oúnjẹ. Ó rántí pé òun ò jẹun, ó ní òun kì í rù ú kí òun tó jẹun náà. Ìwà pẹ̀lẹ́ ni gbogbo wọn fi kọ̀ fún un, wọ́n sì bá tiwọn lọ.

Kò sí bó ṣe fẹ́ ṣe é mọ́. Olóyè Látúndé ṣí fìlà oyè, ó ká a, ó fi ṣe òṣùká. Ó fẹ́ bẹ̀rẹ̀, ikùn ò jẹ́. Ó kúnlẹ̀ síwájú igbá, ó na ọwọ́ méjèèjì sí i, ó ń mí gúlegúle. Obìnrin méjì tó ń ti oko igi bọ̀ rí i pé àgbàlagbà kúnlẹ̀ láìdé fìlà, tó kọjú sí òkun. Wọ́n rò pé ó ń wúre ni, àwọn náà rọra kúnlẹ̀ sẹ́yìn rẹ̀, wọ́n ń ṣe àmín. Àwọn ló padà bá a gbé igbá náà lé orí nígbà tí wọ́n gbà pé àdúrà ti parí.

Báyìí ni wọ́n ṣe ń lọ. Akíndùró wà níwájú, nítorí ẹni tó ń fi ọ̀nà hàn kì í rìn lẹ́yìn, ọwọ́ rẹ̀ méjèèjì ń jù fẹ̀rẹ̀fẹ̀rẹ̀. Kò fi iṣẹ́ rẹ̀ sílẹ̀ o. "Bàbá, ẹ wo ẹyẹ lápá ọ̀tún yẹn." Ọrùn Olóyè ò lè yí. "Bàbá, ibi tí ìjàpá òkun ń yé sí rèé." Olóyè ò lè wo ilẹ̀. Ìko tú lára akàn kan nínú igbá, ó sọ̀ kalẹ̀ jẹ́jẹ́, ó gbá etí Olóyè mú. Bàbá bẹ̀rẹ̀ sí í ta pọ́n-ún pọ́n-ún lórí yanrìn, àwọn ọmọdé Orí-Yanrìn sì rí i lókèèrè, wọ́n ń pàtẹ́wọ́ fún ijó.

Ìyá Ẹniìtàn ti dé láti ọ̀sán. Ó ti ṣí ìkòkò wò lẹ́ẹ̀mẹ́rin, omi ló bá níbẹ̀ lẹ́ẹ̀mẹ́rẹ̀ẹ̀rin. Ó jókòó sí ojúde, ọ̀rọ̀ tó fẹ́ sọ ti kún ẹnu rẹ̀. Ó bá gbójú sókè. Kí ló rí? Àna rẹ̀ ń bọ̀ níwájú lọ́wọ́ òfo, ó ń rìn bí ẹni tó ni etí òkun. Ìjòyè alágbádá tẹ̀ lé e lẹ́yìn, ó ru igbá ẹja, òógùn bò ó.

Ẹ̀yin ọmọ Yorùbá, ta ni ó ń rìn níwájú, ta ni ó ń ru ẹrù lẹ́yìn? Ìyá Ẹniìtàn kò bi ẹnikẹ́ni. Ó kúnlẹ̀ wọ̀ọ̀ fún Akíndùró, Akíndùró sì fi ìpayà dọ̀bálẹ̀ fún un.

"Àna mi, ẹ dárí jì mí," ni ìyá wí. "Ẹnu mi ló yá jù. Mi ò mọ̀ pé iṣẹ́ yín ti tóbi débi tí ìjòyè fi ń bá yín rẹrù."

Ó dìde, ó bá Olóyè sọ igbá kalẹ̀, ó bá a yọ akàn kúrò létí, ó súre fún un pé àwọn ọmọ tirẹ̀ náà yóò rí ẹni rán níṣẹ́. Ó sì gbé igbá wọ ilé ìdáná lọ gbuurugbu.

Olóyè la ẹnu. Bó bá ní òun ló ni igbá, yóò ní láti sọ ìdí tí kò fi rí ẹni bá òun rù ú. Ó wo Akíndùró. Akíndùró ń wo ibòmíì, bí ẹni tí a tọ́ dáadáa. Fún ìgbà àkọ́kọ́ láti àárọ̀, ẹnu Olóyè ṣí, nǹkan kan ò wọ̀ ọ́. Ó pa á dé.

Nígbà tí oúnjẹ jinná, wọ́n gbé àwo síwájú Olóyè gẹ́gẹ́ bí àgbà. Gbogbo ilé tẹjú mọ́ ọwọ́ rẹ̀. Olóyè na ọwọ́, ó mú ìrù ẹja ṣáwá kan ṣoṣo, ó fi ọwọ́ méjèèjì ti àwo náà kúrò níwájú ara rẹ̀. "Ẹ máa jẹ ẹ́," ló wí. "Mo ti ṣẹ́ kù." Akíndùró jẹ, Ẹniìtàn jẹ, ìyá rẹ̀ jẹ títí ó fi tú ìró rẹ̀ wé, ó ń yin iṣẹ́ àna rẹ̀.

Àárọ̀ ọjọ́ kejì, lẹ́yìn tí Olóyè ti wọkọ̀ lọ tòun ti igbá òfìfo rẹ̀, ni Ẹniìtàn ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ bí ọ̀rọ̀ ṣe jẹ́ fún ìyá rẹ̀. Ìyá rẹ́rìn-ín títí ó fi di ògiri mú. Nígbà tí èémí rẹ̀ padà bọ̀ sípò, ó sọ ọ̀rọ̀ tí gbogbo ayé wá ń sọ dòní: àgbà tó bá jẹ àjẹìwẹ̀yìn ni yóò ru igbá rẹ̀ délé. Kò kúkú sọ pé ilé tirẹ̀ ni.